Ohun Tí Mo Sọ fún Bàbá Mi Nínú Sinimá Tí Kò Lóhùn

Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ máa ń wá bá mi nílé ọmọ mi ní Akóbo, ẹ ti mọ bí a ṣe máa ń ṣe é. Ẹ óò jókòó tán, ẹ óò mu omi tán, ẹ óò wá fi ohùn jẹ́jẹ́ bi mí pé, "Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ṣé eré sinimá yìí dára kí èèyàn fi ṣe iṣẹ́?" Èmi náà á rẹ́rìn-ín, n óò ní kí ẹ kọ́kọ́ jẹun. Kì í ṣe pé mi ò fẹ́ dáhùn. Ìdáhùn ọ̀hún gùn ju èyí tí èèyàn lè sọ lórí ìdúró lọ, mo sì ti dàgbà, mi ò fẹ́ràn kí wọ́n máa já ọ̀rọ̀ mọ́ mi lẹ́nu. Ìdí nìyí tí mo fi jókòó kọ ọ́ lónìí, kí ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ ọ lè gbọ́ ọ tán, kí ẹ sì yé wá jẹ gbogbo ẹran inú ìkòkò mi ní orúkọ ìmọ̀ràn.

Àbẹ̀kẹ́ ni wọ́n ń pè mí nílé, Dọ́káàsì ni ti ṣọ́ọ̀ṣì. Ṣakí ni wọ́n bí mi sí, ṣùgbọ́n mi ò tíì mọ̀ ọ́n rìn dáadáa tí Bàbá mi fi kó èmi àti Màmá mi wá sí Ìbàdàn. Káfíńtà ni Bàbá mi, Jákọ́bù lorúkọ wọn. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni wọ́n, ọ̀rọ̀ kì í pọ̀ lẹ́nu wọn, débi pé àlejò lè jókòó sínú yàrá wa kó má mọ̀ pé wọ́n wà níbẹ̀. Òkè-Bọ́là là ń gbé, láàárín àwọn ará Ṣakí bíi tiwa tí a jọ ń lọ sí Ìjọ Onítẹ̀bọmi. Àwọn ọdún 1950 sókè ni mò ń sọ yìí. Dùgbẹ̀ ti ń kún nígbà náà, ọkọ̀ ojú irin ń fọn fèrè níbẹ̀ láàárọ̀ àti lálẹ́, àmọ́ Bódìjà tí ẹ fi ń yangàn lónìí, igbó ni. Ibẹ̀ ni Màmá mi ti ń lọ já ewé tí wọ́n fi ń pọ́n mọ́ínmọ́ín.

Ilé iṣẹ́ kan wà lápá Dùgbẹ̀ tí wọ́n ń ya sinimá ẹ̀kọ́. Mi ò ní dárúkọ wọn, wọ́n ti kógbá sílé tipẹ́. Sinimá kéékèèké ni wọ́n ń yà, lórí bí a ṣe ń se omi mu, bí a ṣe ń tọ́jú ọmọ ọwọ́, bí ó ṣe yẹ kí a fi ọmọ sí ilé ìwé, wọn á sì fi ọkọ̀ gbé e kiri ìlú àti abúlé, kí àwọn èèyàn lè wò ó lọ́fẹ̀ẹ́. Bàbá mi ló ń kan àpótí fún wọn, Bàbá mi náà ló ń kan ilé onípákó tí wọ́n máa ń yà bíi pé ilé gidi ni. Bí mo bá ti ti ilé ìwé dé, èmi ni mò ń gbé oúnjẹ lọ fún wọn. Ọjọ́ kan ni ọ̀gá ibẹ̀, Ọ̀gá Fọlárìn, rí mi níbi tí mo dúró sí lẹ́nu ọ̀nà, abọ́ oúnjẹ lọ́wọ́ mi, tí mò ń retí kí Bàbá mi kan ìṣó ọwọ́ wọn tán. Wọ́n wò mí pẹ́. Wọ́n wá yíjú sí Bàbá mi, wọ́n ní, "Káfíńtà, ọmọ yín yìí mọ bí wọ́n ṣe ń dúró. Ẹ fi í yá mi." Bí mo ṣe dé ìdí iṣẹ́ nìyẹn. Wọ́n ń fún mi ní nǹkan díẹ̀, Màmá mi ló ń gbà á, ọ̀rọ̀ owó kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bí sinimá wa ṣe rí, torí ẹ̀yin tí ẹ ń fi fóònù ya ara yín látàárọ̀ ṣúlẹ̀ kò lè mọ̀ ọ́n. Kò lóhùn. Kámẹ́rà kan ṣoṣo ni wọ́n ní, wọ́n máa ń yí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ bí ìgbà tí èèyàn ń yí kọ́kọ́rọ́ agogo ara ògiri, bí ó bá sì ti bẹ̀rẹ̀, ẹ gbọ́dọ̀ ṣe ohun tí ẹ fẹ́ ṣe kí ó tó dúró fúnra rẹ̀. Ẹ̀rọ tó ń gba ohùn kò sí nídìí rẹ̀. Tí wọ́n bá wá gbé sinimá náà dé ìlú kan, wọn á ta aṣọ funfun sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀, Ládépò, aláwàdà kan tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, á jókòó sínú ọkọ̀ náà pẹ̀lú ẹ̀rọ gbohùngbohùn lẹ́nu, á máa sọ̀rọ̀ fún gbogbo ẹni tó wà nínú sinimá, ọkùnrin, obìnrin, ọmọdé, títí kan ewúrẹ́. Tó bá jẹ́ Ìjẹ̀bú ni, á sọ Ìjẹ̀bú. Tó bá jẹ́ Èkìtì ni, á sọ Èkìtì. Ó yẹ kí n máa pè é ní Bọ̀dá Ládépò, torí ó jù mí lọ, ṣùgbọ́n ẹni tó fi ohùn ọkùnrin sọ̀rọ̀ lẹ́nu mi fún ọdún tó pọ̀ tó báyẹn ti di ara mi. Ọmọdébìnrin ni mí lára aṣọ, ohùn onírùngbọ̀n ló ń jáde, kò sì sẹ́ni tó bìkítà.

Ọ̀gá Fọlárìn le. Ọmọ Abẹ́òkúta ni wọ́n, òkè òkun ni wọ́n ti kọ́ iṣẹ́ náà. Wọn kì í pariwo mọ́ èèyàn, àmọ́ bí wọ́n bá ti yọ awò ojú wọn tí wọ́n ń nù ún, gbogbo wa ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ti bàjẹ́. Ohun tí wọ́n kọ́kọ́ kọ́ mi kì í ṣe eré rárá. Wọ́n rán mi lọ sí ibùdókọ̀ ojú irin ní Dùgbẹ̀, wọ́n ní kí n lọ wo ìyá tó bá wá sin ọmọ rẹ̀ sọ́nà, kí n padà wá ṣe é fún àwọn. Mo lọ, mo dé, mo bú sẹ́kún níwájú wọn, mo sunkún títí ikun fi ń dà. Wọ́n yọ awò.

"Àbẹ̀kẹ́, ṣé ìyá tí o rí ń sunkún?"

"Rárá, sà."

"Kí ló ń ṣe?"

Mo ronú. Ìyá tí mo rí kò sunkún. Ńṣe ló ń tú okùn ẹrù ọmọ rẹ̀, tó tún ń dì í, tó tún ń tú u, bẹ́ẹ̀ nǹkan kan kò ṣe ẹrù náà. Kò gbójú sókè wo ọmọ náà títí ọkọ̀ fi gbéra.

"Lọ mú okùn wá," ni ọ̀gá wí.

Ọjọ́ yẹn ni mo bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ṣẹ́. Wọ́n rán mi lọ sí ẹnu ọ̀nà ilé ìwòsàn, wọ́n rán mi lọ sí etí omi Ẹlẹ́yẹlé níbi tí àwọn apẹja ti ń tún àwọ̀n wọn ṣe, wọ́n rán mi lọ sí iwájú kọ́ọ̀tù. Mo gbọ́dọ̀ wò, mi ò gbọdọ̀ dá sí i. Bí mo bá sì dé, ọwọ́ ni wọ́n ń bi mí, kì í ṣe ojú. Kí ni ọwọ́ rẹ̀ ń ṣe? Èwo ni ọwọ́ òsì ń ṣe nígbà tí ọwọ́ ọ̀tún ń ṣe tiẹ̀? Nígbà tó yá, mi ò lè jókòó nínú ṣọ́ọ̀ṣì kí n má máa wo ọwọ́ àwọn tó ń gbàdúrà. Màmá mi ní mo ti ń ya wèrè.

Ohun tó fẹ́rẹ̀ẹ́ lé mi nídìí iṣẹ́ náà ni orúnkún mi. Ẹ rántí pé ojú ọ̀nà la ti ń yà á, àwọn èèyàn sì ń kọjá lọ sí ibi iṣẹ́ wọn. Bí àgbàlagbà bá ti yọ báyìí, ilẹ̀ ni mo wà. Ẹ káàsán, mà. Ẹ kú ìrìn, sà. N kì í mọ ìgbà tí mò ń ṣe é. Mo lè ru omi bọ̀ láti ọ̀nà jíjìn bó ṣe yẹ gan-an, kámẹ́rà á máa bá mi bọ̀, ni ìyá arúgbó kan tó ń re oko rẹ̀ ní Agbowó á yọ, ni n óò kúnlẹ̀ tòun ti omi lórí. Bẹ́ẹ̀ ọ̀wọ́n ni fíìmù, ọkọ̀ ojú omi ló ń gbé e wá. "Àbẹ̀kẹ́," Ọ̀gá Fọlárìn á ní, "orúnkún rẹ yìí á jẹ fíìmù mi tán." Ìyá arúgbó náà á dúró síbẹ̀, á máa súre fún mi, á ní wọ́n kọ́ mi dáadáa nílé, ọ̀gá á sì máa nu awò.

Kí n tó dé ibi tí mò ń lọ, ẹ jẹ́ kí n sáré sọ èyí tó kù, torí mo mọ̀ pé ẹ̀yin ọ̀dọ́ ò ní sùúrù. Kí àwọn ọdún yẹn tó parí, tẹlifíṣọ̀n dé Ìbàdàn. Mo bọ́ síbẹ̀ tẹ̀rùtẹ̀rù, torí pé ohùn ara mi ni mo ní láti lò wàyí. Ojú ẹsẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ nígbà náà. Bí ẹ bá ti ṣe é, ó ti dé pálọ̀ àwọn tó ní ẹ̀rọ náà nílé, kò sí pé kí ẹ tún un ṣe. Iná tí wọ́n ń tàn sí wa lórí gbóná débi pé àtíkè á yọ́ lójú èèyàn, á máa ṣàn wọ ọrùn. Lẹ́yìn ìyẹn ni téèpù dé, a lè ṣe àṣìṣe kí wọ́n tún un yà, àwọn kan nínú wa sì di ọ̀lẹ. Fídíò dé, kámẹ́rà tó jẹ́ pé ọkùnrin méjì ló ń gbé e di ohun tí ọmọdé ń gbé lé èjìká. Mo ṣe ọmọ, mo ṣe ìyàwó, mo ṣe ìyálé, mo ṣe ìyá ọkọ burúkú tí ẹ ṣì fi ń dẹ́rù ba ara yín títí dòní, mo wá ṣe ìyá àgbà tó ń kú lọ lórí ibùsùn. Mo bímọ láàárín rẹ̀, mo sìnkú ọkọ mi láàárín rẹ̀. Nígbà tí ẹsẹ̀ kò gbé mi dúró pẹ́ mọ́ ni mo fi í sílẹ̀. Mo fẹ́ràn iṣẹ́ náà, mi ò fi bò. Ó ṣì máa ń ṣe mí bíi pé kí n dìde lọ síbẹ̀ láàárọ̀.

Àmọ́ gbogbo rẹ̀ ì bá má wáyé rárá. Nígbà tí mi ò tíì ju ọmọ ilé ìwé lọ, ó ku díẹ̀ kí wọ́n gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ mi, kí wọ́n sì dá mi padà sí Ṣakí. Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́ kí ẹ gbọ́.

Sinimá kan là ń yà lórí ọmọ tó kọ ìmọ̀ràn bàbá rẹ̀. Àgbẹ̀ ni bàbá náà. Ọmọ rẹ̀ obìnrin fẹ́ sá lọ bá àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Èkó. Bàbá á dúró lẹ́nu ọ̀nà, á máa bẹ̀ ẹ́. Ọmọ á dúró ṣánṣán níwájú rẹ̀, á wò ó látòkè délẹ̀, á dá a lóhùn bó ṣe wù ú, á pòṣé, á sì lọ. Ẹ̀yìn ìyẹn ni ìyà á jẹ ẹ́ tí á fi padà wálé. Èmi ni ọmọ. Àgbàlagbà kan tó máa ń bá wa ṣe é ló yẹ kí wọ́n ṣe bàbá, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí a kó gbogbo ẹrù dé ẹ̀bá omi ní Ẹlẹ́yẹlé, ìròyìn kàn wá pé ibà ti dá wọn dùbúlẹ̀. Ọkọ̀ tí a fi kó ẹrù gbọ́dọ̀ padà lọ́jọ́ yẹn, òjò sì ti ń ṣú sí ilé onípákó tí Bàbá mi kàn síbẹ̀. Ọ̀gá Fọlárìn wò yíká, ojú wọn bọ́ sára Bàbá mi tí wọ́n há ìṣó sẹ́nu.

"Bàbá Àbẹ̀kẹ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi wọ aṣọ àgbẹ̀ yìí."

Bàbá mi yọ ìṣó lẹ́nu. "Èmi kẹ̀? Ọ̀gá, mi ò mọ̀ ọ́n ṣe."

"Ẹ ò ní ṣe nǹkan kan. Ẹ ṣáà dúró, kí ẹ máa wo ọmọ yín bó ṣe ń fi yín sílẹ̀."

Wọ́n wọ̀ ọ́. A bẹ̀rẹ̀. Mo jáde nínú ilé náà, mo rí Bàbá mi níwájú mi, orúnkún mi kanlẹ̀. Ọ̀gá dá kámẹ́rà dúró. A tún bẹ̀rẹ̀, mo tún kúnlẹ̀. Nígbà tó yá mo tiẹ̀ dúró, ṣùgbọ́n ojú mi wà nílẹ̀, ọrùn mi kò gbé e sókè. Ara mi kò gbà kí n dúró sójú Bàbá mi bí ojúgbà wọn. Ọ̀gá Fọlárìn nu awò wọn, wọ́n nù ún pẹ́, wọ́n wá sún mọ́ mi.

"Àbẹ̀kẹ́, mo mọ̀ pé ó le. Ṣùgbọ́n bí o kò bá lè ṣe é, lọ́la ni n óò wá ọmọ mìíràn, òun náà ni yóò sì máa ṣe gbogbo èyí tó kù. Mi ò lè máa ná fíìmù sórí ìkúnlẹ̀."

Ẹ̀rù bà mí. Mo ti mọ̀ nígbà yẹn pé kò sí ibòmíràn láyé tí mo tún fẹ́ wà. Bàbá mi mú mi lọ́wọ́, wọ́n mú mi lọ sẹ́yìn ilé onípákó náà.

"Ṣé o fẹ́ iṣẹ́ yìí?"

"Mo fẹ́ ẹ, sà."

"Ṣé ó dé inú rẹ?"

"Ó dé inú mi, Bàbá mi."

"Ó dáa. Kúnlẹ̀ síbí." Mo kúnlẹ̀. Wọ́n gbé ọwọ́ lé mi lórí, ọwọ́ wọn ń rùn fún pákó. "Mo ti gba ìkúnlẹ̀ tòní. Èyí tí o bá ṣe lọ́hùn-ún kò sí nínú rẹ̀. Ojú rẹ àti orúnkún rẹ, fún ọ̀gá. Ẹnu rẹ, èmi ni kí o fún. Ẹ̀rọ yẹn kì í gbọ́ràn. Ohun tí o bá ní í bá mi sọ ni kí o sọ, èmi nìkan ni n óò gbọ́ ọ."

A padà. Mo dúró ṣánṣán. Mo wo Bàbá mi látòkè délẹ̀ bí ẹni ń wo àkísà, mo yínmú, mo na ìka sí wọn lójú, mo sì bá wọn sọ̀rọ̀. Ohun tí ọmọ kì í sọ sí bàbá rẹ̀ nílé tiwa ni mo sọ. Ojú mi ń gàn wọ́n, ẹnu mi ń dúpẹ́. Bàbá mi kò mira. Nígbà tí mo sọ ọ́ tán, mo pòṣé, mo kẹ̀yìn sí wọn, mo rìn lọ láìbojú wẹ̀yìn títí mo fi dé ìdí ọkọ̀. Ọ̀gá Fọlárìn pàtẹ́wọ́ fún mi. Mi ò rí i kí wọ́n pàtẹ́wọ́ fún ẹnikẹ́ni rí.

Oṣù díẹ̀ kọjá, wọ́n gbé sinimá náà wá sí pápá kan ní Dùgbẹ̀ nírọ̀lẹ́ Sátidé. Èrò pọ̀. Àwọn ará Ṣakí wà níbẹ̀ dáadáa, torí wọ́n ti gbọ́ pé Jákọ́bù káfíńtà àti ọmọ rẹ̀ ti wọ sinimá. Bàbá mi kò lọ, wọ́n ní ojú á ti àwọn láti jókòó máa wo ara àwọn. Èmi àti Màmá mi la lọ. Ládépò wà nínú ọkọ̀ pẹ̀lú gbohùngbohùn rẹ̀. Ẹ mọ bí aláwàdà ṣe máa ń rí nígbà tí èrò bá ti ń rẹ́rìn-ín sí i. Orí rẹ̀ wú. Nígbà tó dé ibi tí mo ti dúró níwájú Bàbá mi, kò rántí ohun tí wọ́n ní kó sọ mọ́. Ó gbàgbé pé àgbẹ̀ ni bàbá inú sinimá náà. Jákọ́bù tí wọ́n jọ ń jẹun lọ́sàn-án ló ń rí, ohun tó sì mọ̀ nípa Jákọ́bù ló ń bọ́ sí i lẹ́nu.

"Bàbá òṣì. Kí lẹ ní tí mo fẹ́ jogún? Ṣé òòlù ni àbí ìṣó? Káfíńtà tó ń kan àga fún gbogbo ayé, ẹyọ àga kan ló wà nílé tiẹ̀."

Pápá fẹ́ fi ẹ̀rín ya. Ibi tí àwọn ará Ṣakí dúró sí dákẹ́. Lóòótọ́, ẹyọ àga kan ló wà nílé wa, gbogbo wọn ló sì ti jókòó sórí rẹ̀ rí. Màmá mi di ọwọ́ mi mú, wọ́n fà mí jáde láàárín èrò kí sinimá tó parí, ó di ilé.

Ẹ̀yin ọmọ òde òní lè má mọ ohun tí ẹgbẹ́ ọmọ ìlú jẹ́ fún ẹni tó wá gbé ní Ìbàdàn láyé ìgbà yẹn. Àwọn ló ń sọ ọmọ ẹni lórúkọ, àwọn ló ń dúró tini nílé àna, àwọn ló sì ń gbé òkú ẹni relé. Bàbá Díákónì ni olórí ẹgbẹ́ tiwa. Àgbàlagbà tó kún ojú ni wọ́n, Òkè-Àdó ni ilé wọn wà, ibẹ̀ la sì ti ń ṣèpàdé lẹ́yìn ìsìn ọjọ́ Ìsinmi. Lọ́jọ́ kejì sinimá náà, wọ́n ní kí Bàbá mi dìde dúró, kí n kúnlẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn.

"Eré ni, Bàbá," ni Bàbá mi wí.

"A mọ̀ pé eré ni, Jákọ́bù. A ò gọ̀. Ṣùgbọ́n ojú rẹ ni, ojú ọmọ rẹ ni, iṣẹ́ ọwọ́ rẹ ni wọ́n dárúkọ, wọ́n tún ka àga inú yàrá rẹ. Èwo ló wá kù níbẹ̀ tó jẹ́ eré?"

Bàbá mi ṣí fìlà wọn. Ẹgbẹ́ ní kí wọ́n mú mi kúrò nídìí iṣẹ́ náà, kí n padà sí Ṣakí lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n Bàbá mi obìnrin, kí n lọ kọ́ bí wọ́n ṣe ń bá àgbà sọ̀rọ̀. Bí Bàbá mi kò bá ṣe é, kí wọ́n má pe ara wọn ní ọmọ ẹgbẹ́ mọ́. Bàbá mi dúró síbẹ̀, fìlà lọ́wọ́. Wọ́n wá bẹ̀bẹ̀ fún ohun kan péré, pé kí wọ́n jẹ́ kí Ọ̀gá Fọlárìn gbé sinimá náà wá síbẹ̀ ní ọjọ́ Ìsinmi tó ń bọ̀, kí gbogbo ẹgbẹ́ jọ wò ó. Ohun tí àgbà bá wí lẹ́yìn ìyẹn, àwọn á ṣe é.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gùn. Ládépò wá dọ̀bálẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀ yàrá wa, omi ń dà lójú rẹ̀, ó ní òun á tẹ̀ lé wa lọ sọ fún wọn pé òun lòun fi ọ̀rọ̀ òun kún un. Bàbá mi ní kó dìde. "Wọ́n á ní èmi ni mo bẹ̀ ọ́ kó o sọ bẹ́ẹ̀. Lọ sinmi." Mi ò lè jẹun. Mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ Bàbá mi kò pọ̀, mo sì ń wò ó pé tí wọ́n bá dé iwájú àwọn àgbà yẹn, wọ́n á tún dákẹ́, n óò sì lọ.

Ọjọ́ Ìsinmi dé. Ọ̀gá Fọlárìn fúnra wọn gbé ẹ̀rọ sinimá kékeré kan wá sí pálọ̀ Bàbá Díákónì. Wọ́n fi ẹní dí gbogbo fèrèsé, wọ́n ta aṣọ ibùsùn funfun sára ògiri. Àwọn àgbà jókòó sórí àga, àwa yòókù wà nílẹ̀. Ọ̀gá ní ta ni yóò sọ̀rọ̀ sí i, ṣé kí àwọn ka èyí tí àwọn kọ ni.

"Èmi ni," ni Bàbá mi wí. "Èmi nìkan ni mo gbọ́ ọ."

Wọ́n lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Ẹ̀rọ ń dún ketekete. Mo yọ lára aṣọ náà, mo dúró ṣánṣán, mo na ìka sí Bàbá mi lójú, ẹnu mi ń lọ. Bàbá mi bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, ohùn wọn kò ju ti ẹni tó ń bá ọmọ sọ̀rọ̀ nínú yàrá lọ.

"Ó ní, 'Bàbá mi, ẹ kú iṣẹ́. Ẹ ṣeun tí ẹ wọ aṣọ yìí nítorí mi, mo mọ̀ pé ojú ń tì yín.'"

Lára aṣọ, mò ń wò wọ́n látòkè délẹ̀.

"Ó ní, 'Ẹ ṣeun lọ́jọ́ tí ibà ń ṣe mí, tí Màmá mi ò sí nílé, tí ẹ pọ̀n mí bí obìnrin láti Òkè-Bọ́là dé ilé ìwòsàn. Àwọn èèyàn ń fi yín rẹ́rìn-ín lójú títì, ẹ ò sọ̀ mí kalẹ̀. Mo rí wọn, mo díbọ́n bí ẹni tó sùn ni.'"

Ẹnìkan mí kanlẹ̀ láàárín àwọn obìnrin. Mo rò pé Màmá mi ni. Lára aṣọ, mo yínmú.

"Ó ní, 'Ẹ má jẹ́ kí wọ́n gba iṣẹ́ yìí lọ́wọ́ mi. Ẹ foríjì mí fún ojú tí mò ń ṣe sí yín. Mo fẹ́ràn yín, Bàbá mi.'"

Nílé wa, nínú gbogbo ilé tí mo mọ̀, ọmọ kì í sọ ọ̀rọ̀ yẹn sí bàbá, bàbá kì í sì í sọ ọ́ sí ọmọ. Bàbá mi ti wá sọ ọ́ níwájú gbogbo ẹgbẹ́. Mo gbé ojú mi sáàárín orúnkún, mò ń sunkún. Lára aṣọ, mo pòṣé, mo sì lọ.

Mo rò pé ibẹ̀ ló parí sí. Mi ò mọ̀ pé Ọ̀gá Fọlárìn kò pa kámẹ́rà lọ́jọ́ yẹn nígbà tí mo kẹ̀yìn. Nígbà tí mo gbójú sókè, Bàbá mi nìkan ló kù lára aṣọ náà, lẹ́nu ọ̀nà ilé onípákó, wọ́n ń wo ọ̀nà tí mo gbà lọ, ẹnu wọn sì ń mì.

Bàbá Díákónì tẹ̀ síwájú lórí àga. "Jákọ́bù. Ìwọ náà ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Kí lo sọ?"

Bàbá mi wolẹ̀. "Kò sí nǹkan kan, Bàbá. Ọmọ náà ti lọ, kò gbọ́."

"Mo ní kí lo sọ?"

Bàbá mi gbójú sókè wo aṣọ náà.

"Mo ní, 'Máa lọ, Àbẹ̀kẹ́. Máa ṣe é lọ. Ẹni tó bá ní kí o má ṣe é mọ́, wí fún un pé bàbá rẹ ló rán ọ níṣẹ́.'"

Fíìmù tán, ògiri di funfun. Kò sẹ́ni tó dìde lọ ká ẹní lójú fèrèsé. Nígbà tó ṣe, Bàbá Díákónì yọ fìlà wọn, wọ́n fi nu ojú, wọ́n ní, "Ẹ ṣílẹ̀kùn fún wa, ooru mú. Jákọ́bù, ọmọ rẹ kò lọ sí Ṣakí." Wọ́n wá bọ́ sórí ọ̀rọ̀ mìíràn nínú ìpàdé, ìyẹn ọ̀rọ̀ òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì.

Nígbà tí à ń darí sílé ní Òkè-Bọ́là, Bàbá mi ń lọ níwájú bí wọ́n ṣe máa ń lọ, ọwọ́ lẹ́yìn. Màmá mi dúró kí ẹnìkan lọ́nà, ó wá ku èmi àti ẹ̀yìn Bàbá mi. Mo rìn díẹ̀. Mo wá sọ ọ́ kí n tó mọ̀ pé mo ti sọ ọ́.

"Mo ti gbọ́, sà."

Wọn kò bojú wẹ̀yìn. Wọ́n dẹ ẹsẹ̀ díẹ̀, kí n lè bá wọn.